Ta ló yẹ kó sun sẹ́ẹ̀lì? Béèlì àti ẹ̀sùn jìbìtì ní Sábó

Ilẹ̀ ò tíì mọ́ tán tí obìnrin náà ti dé ẹnu kàǹtà àgọ́ ọlọ́pàá. Ó pọn ọmọ, ó gbé kúlà oúnjẹ lọ́wọ́, ó sì fi ìwé kan tí wọ́n ká sí mẹ́rin há ìbàdí. Láti ìrọ̀lẹ́ àná ni ọkọ rẹ̀ ti wà lẹ́yìn kàǹtà yẹn, nínú sẹ́ẹ̀lì.

Àlùbọ́sà ni ọkùnrin náà ń tà ní Sábó, nílùú Ọ̀yọ́. Oníbàárà rẹ̀ kan ní Sábó Ògbómọ̀ṣọ́ ló fi owó àpò méjìlélógún ránṣẹ́ sí i lórí fóònù. Ọjọ́ tó yẹ kí ọjà dé, kò dé. Ọ̀sẹ̀ kan kọjá, ó di méjì, fóònù alálùbọ́sà ò lọ mọ́. Ni oníbàárà bá wọ mọ́tò wá sí Ọ̀yọ́. Kò yà síbì kankan, àgọ́ ọlọ́pàá ló gbà lọ tààrà. Ó ní wọ́n ti lu òun ní jìbìtì.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ ṣàánú wa, ẹ fún wa ní béèlì rẹ̀," obìnrin náà bẹ̀bẹ̀.

Ọlọ́pàá tó wà ní kàǹtà kò jágbe mọ́ ọn. Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ló dá a lóhùn: "Ìyá ọmọ, a ò sọ pé a ò ní fún un ní béèlì. Owó olówó ni kẹ́ ẹ lọ wá. Tówó bá ti dé, ọkọ yín ń bá yín lọ sílé." Lára ògiri tó wà lẹ́yìn rẹ̀, ìwé kan wà níbẹ̀ tó ń sọ fún gbogbo ẹni tó bá wọlé pé ọ̀fẹ́ ni béèlì.

Ẹjọ́ alálùbọ́sà yìí kì í ṣe ti ẹnì kan pàtó. Èmi ni mo hun ún pọ̀ láti inú irú ìtàn tí àwọn oníṣòwò Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́ máa ń sọ, torí pé ìtàn wọn jọra débi pé èèyàn lè fi ọ̀kan parí èkejì. Ìbéèrè tí òfin ní kí àwọn ọlọ́pàá bi ara wọn lọ́jọ́ àkọ́kọ́ ni pé, bí a bá fi ọkùnrin yìí sílẹ̀ lónìí, ṣé yóò padà wá lọ́la? Ìbéèrè tí wọ́n ń béèrè ní kàǹtà ni pé, èló lẹ mú wá? Níbi tí wọ́n ti fi ìkejì rọ́pò ìkíní ni aláìṣẹ̀ ti ń sun ilẹ̀ẹ́lẹ̀, ibẹ̀ náà sì ni gbájúẹ̀ gidi ti ń rí ọ̀nà sá lọ.

Òwò tó dúró lórí ìgbẹ́kẹ̀lé

Sábó ni adúgbò tí àwọn Hausa tó wá ṣòwò nílẹ̀ Yorùbá tẹ̀dó sí. Ó wà ní Ìbàdàn, ó wà ní Ṣàgámù, ó wà ní Ilé-Ifẹ̀, Ọ̀yọ́ ní tirẹ̀, Ògbómọ̀ṣọ́ náà ní tirẹ̀. Ibẹ̀ ni obì ń gbà lọ sí Òkè Ọya, ibẹ̀ náà ni àlùbọ́sà, ẹ̀wà, tòmátò àti màlúù ń gbà wọ̀lú. Lónìí, Hausa nìkan kọ́ ló ń gbé ibẹ̀. Yorùbá wà níbẹ̀, Tápà wà níbẹ̀, Ìgbò wà níbẹ̀, wọ́n sì jọ ń tà, wọ́n jọ ń rà.

Láti Ọ̀yọ́ sí Ògbómọ̀ṣọ́ kò ju nǹkan bíi kìlómítà 50 lọ, lójú ọ̀nà tó gba ibẹ̀ lọ sí Ìlọrin. Ṣùgbọ́n ọjà tí wọ́n ń tà láàárín ìlú méjèèjì lè ti rin ọjọ́ mélòó kan kó tó dé. Ọkọ̀ lè taku lọ́nà. Òjò lè ba àlùbọ́sà jẹ́ nínú àpò. Alágbàtà tó wà ní Sókótó tàbí Kébbí lè kówó jẹ, kí ẹni tó gba owó ní Ọ̀yọ́ fúnra rẹ̀ sì wà nínú òfò tí kò lè ṣàlàyé fún oníbàárà. Ọ̀pọ̀ wọn kì í kọ ìwé àdéhùn. Orúkọ, ojú tí wọ́n mọ̀ àti nọ́ńbà fóònù ni ìwé àdéhùn wọn.

Nítorí náà, ohun tí wọ́n ń pè ní jìbìtì ní Sábó kì í ṣe ohun kan. Gbèsè wà níbẹ̀, tí ẹni tó jẹ ẹ́ fẹ́ san ṣùgbọ́n tí kò rí i san. Jìbìtì gidi wà níbẹ̀, ti ẹni tó mọ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ pé òun ò ní ọjà kankan. Álẹ́ẹ̀tì ayédèrú wà níbẹ̀, èyí tí àwọn tó ń ṣe POS kò lè gbàgbé. "Ó fi fóònù hàn mí, mo rí i pé owó ti wọlé, mo ka 80,000 fún un," ọkùnrin kan tó ní kíọ́sìkì POS lẹ́bàá títì ní Sábó Ọ̀yọ́ sọ. "Ìgbà tí mo máa ṣírò owó nírọ̀lẹ́ ni mo tó mọ̀ pé kò sówó tó wọlé." Ní Ògbómọ̀ṣọ́, níbi tí Yunifásítì Ládòkè Akíntọ́lá wà láti ọdún 1990, ẹ̀sùn Yàhúù tún wà níbẹ̀, ti àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n ń fi íntánẹ́ẹ̀tì lu àjèjì ní jìbìtì.

Èrò tó wà lọ́kàn ẹni lọ́jọ́ tó gba owó ló ń ya gbèsè sọ́tọ̀ sí jìbìtì. Kò sì sí ọlọ́pàá tó lè rí èrò yẹn ní wákàtí 24 àkọ́kọ́. Ìwádìí ló máa wá a rí. Ohun tó mú kí ìpinnu béèlì le nìyẹn: wọ́n ní láti ṣe é nígbà tí ohun tí wọ́n mọ̀ ṣì kéré jù lọ.

Ohun tí òfin ní kí wọ́n wò

Abala 35 nínú ìwé òfin ilẹ̀ Nàìjíríà ti ọdún 1999 ní bí kóòtù tó láṣẹ bá wà láàárín kìlómítà 40 sí ibi tí wọ́n ti mú èèyàn, ọjọ́ kan péré ni wọ́n ní láti fi gbé e débẹ̀. Bí kò bá sí, ọjọ́ méjì ni, tàbí iye tí kóòtù bá rí i pé ó bọ́gbọ́n mu. Ọ̀yọ́ ní kóòtù. Ògbómọ̀ṣọ́ ní kóòtù. Kò sí ẹni tí wọ́n mú ní Sábó méjèèjì tí wọ́n lè sọ pé kóòtù jìnnà sí. Abala 36 sì ní ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn kò tíì jẹ̀bi títí ẹ̀rí yóò fi dá a lẹ́bi.

Agbẹjọ́rò kan tó ti pẹ́ ní kóòtù Ọ̀yọ́ ní ọjọ́ tí wọ́n mú èèyàn ṣe pàtàkì. "Ọ̀sán ọjọ́ Ẹtì ni àwọn olùfisùn fẹ́ràn jù. Wọ́n mọ̀ pé kóòtù ò jókòó ní Sátidé, kò jókòó ní Sọ́ńdè. Kó tó di ọjọ́ Ajé, ẹbí á ti lọ yá owó tàbí kí wọ́n ta ọ̀kadà."

Ẹ̀sùn jìbìtì kì í ṣe ẹ̀sùn kékeré. Abala 419 nínú Òfin Ìwà Ọ̀daràn ní ẹ̀wọ̀n ọdún 3 ni fún ẹni tó fi irọ́ gba ohun olóhun. Bí ohun náà bá tó 1,000 náírà, ó di ọdún 7. Iye yẹn kò ra àlùbọ́sà púpọ̀ mọ́ lónìí, nítorí náà ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé gbogbo ẹ̀sùn tó ń ti Sábó wá ló bọ́ sábẹ́ ọdún 7. Òfin jìbìtì tí wọ́n ṣe lọ́dún 2006 tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ: kò gbọdọ̀ dín ní ọdún 7, ó lè tó 20, wọn kò sì fi ààyè owó ìtanràn sí i.

Síbẹ̀, bó ti wù kó le tó, kò sí ìkankan nínú wọn tó jẹ́ ẹ̀sùn ikú. Òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn tí ìjọba àpapọ̀ ṣe lọ́dún 2015, tí Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ ṣe irú rẹ̀ lọ́dún 2016, ní bí wọn kò bá lè gbé irú ẹni bẹ́ẹ̀ dé kóòtù láàárín wákàtí 24, kí ọ̀gá àgọ́ ọlọ́pàá fún un ní béèlì. Ó tún sọ ohun tó lè mú kí kóòtù kọ béèlì fún ẹni tí ẹ̀sùn rẹ̀ le: bí ó bá jọ pé yóò sá, tàbí pé yóò tún dá ẹ̀ṣẹ̀ mìíràn, tàbí pé yóò halẹ̀ mọ́ ẹlẹ́rìí, tàbí pé yóò ba ẹ̀rí jẹ́, yóò sì da ìwádìí rú.

Mo ka ohun tí wọ́n tò síbẹ̀ dáadáa. Kò síbi tí òfin ti ní kí wọ́n di èèyàn mú nítorí pé kò tíì dá owó padà.

Ológò tó wọ aṣọ ìjọba

Àlùfáà Samuel Johnson, ẹni tó jẹ́ pásítọ̀ nílùú Ọ̀yọ́ tó sì parí ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ lọ́dún 1897, ṣàlàyé bí àwọn baba wa ṣe ń gba gbèsè. Bí ọ̀rọ̀ bá ti sú olówó, yóò rán ológò lọ sílé ajigbèsè. Ológò yóò jókòó ti onílé, yóò máa pariwo, yóò máa gbá adìẹ àti ewúrẹ́ tó bá rí mú, ara kò sì ní rọ ẹnikẹ́ni nínú agbo ilé yẹn títí wọn yóò fi dá owó jọ. Gbogbo ẹbí ni ìtìjú náà ń kàn, ohun tó sì mú kó ṣiṣẹ́ nìyẹn.

Iṣẹ́ ológò ni wọ́n ti gbé lé ọlọ́pàá lọ́wọ́ báyìí. Ilé ajigbèsè kọ́ ni wọ́n ti ń dógò mọ́, sẹ́ẹ̀lì ni.

Kì í ṣe pé òfin dákẹ́ lórí èyí. Kóòtù Kòtẹ́milọ́rùn ti sọ ọ́ nínú ìdájọ́ kan tó jáde lọ́dún 2003 pé gbígba gbèsè kì í ṣe iṣẹ́ ọlọ́pàá. Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ tún un sọ lọ́dún 2018, nínú ẹjọ́ tó kan Diamond Bank, pé EFCC, àjọ tó ń gbógun ti jìbìtì, kì í ṣe agbowó gbèsè fún báńkì tàbí fún ẹnikẹ́ni. Òfin Ọlọ́pàá ti ọdún 2020 náà ní wọn kò gbọdọ̀ mú èèyàn tìtorí àdéhùn òwò tó yẹ̀ nìkan.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ohun tí obìnrin kan tó ń ta ẹ̀wà ní Sábó Ògbómọ̀ṣọ́ sọ, nítorí ọ̀rọ̀ rẹ̀ wúwo. "Owó àjọ ni mo fi ránṣẹ́. Àwa méjìlá la jọ ń dá a. Ẹni tó ní kí wọ́n fi í sílẹ̀ lọ́jọ́ kejì, ṣé òun ló máa bá mi dá àwọn mọ́kànlá lóhùn? Wọ́n ní kí n lọ sí kóòtù. Lọ́yà ní kí n mú owó wá. Ta ló lówó méjì?"

Mi ò lè bá a jiyàn. Ẹjọ́ gbèsè ní kóòtù lè gba ọdún, owó lọ́yà lè ju owó ẹ̀wà lọ, sẹ́ẹ̀lì sì máa ń mú owó jáde kíákíá. Ẹni tó bá fẹ́ kí wọ́n ṣíwọ́ fífi béèlì gba gbèsè gbọ́dọ̀ gbà pé ohun kan ṣoṣo tó ń ṣiṣẹ́ fún obìnrin yìí lòun fẹ́ gbà kúrò lọ́wọ́ rẹ̀.

Ọlọ́pàá kan tó ti fẹ̀yìn tì, tó sì ń gbé nílùú Ọ̀yọ́ báyìí, tún ṣí ojú mi sí ẹ̀gbẹ́ kejì. "Olùfisùn á sọ fún ẹ pé, bó o bá fi í sílẹ̀, ìwọ lo máa san owó mi. Bó bá wá sá lọ lóòótọ́, ọ̀gá á ní mo ti gba rìbá. Wọ́n á kọ lẹ́tà ìbéèrè sí mi. Ní gbogbo ọdún tí mo lò lẹ́nu iṣẹ́, kò sẹ́ni tó kọ lẹ́tà sí mi rí pé mo ti èèyàn mọ́lé pẹ́ jù." Bí ìyà bá wà fún ẹni tó tú èèyàn sílẹ̀, tí kò sì sí ìyà fún ẹni tó tì í mọ́lé, ọlọ́pàá tó bá ní làákàyè yóò tì í mọ́lé.

Èmi gbà pé àwọn tí ọ̀nà yìí ń pa lára jù lọ ni àwọn tí wọ́n lù ní jìbìtì fúnra wọn. Gbájúẹ̀ tó mọ iṣẹ́ kì í ná gbogbo owó tó bá gbà. Bí wọ́n bá mú un, yóò yọ díẹ̀ níbẹ̀, yóò fi san owó ẹni tó pariwo jù, olùfisùn yóò ní òun ti gba owó òun, fáìlì yóò sì di pípa. Kò sí ẹni tí yóò wo àkáǹtì rẹ̀ mọ́ láti mọ àwọn mìíràn tó ti lù. Ó ti kúrò ní Ọ̀yọ́, ó ti dé Ṣakí. Ẹni tí kò rówó san ni yóò kù sẹ́ẹ̀lì, ẹni yẹn sì lè jẹ́ alálùbọ́sà tí ọjà rẹ̀ bà jẹ́ sọ́nà. Nígbà tó jẹ́ owó ni kọ́kọ́rọ́ ilẹ̀kùn, ọ̀daràn ló kọ́kọ́ ń jáde.

Ta ni yóò dúró fún àlejò?

Ìbẹ̀rù pé afurasí yóò sá kì í ṣe àsọdùn ní Sábó. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ibẹ̀ jẹ́ ayálégbé. Oníṣòwò lè wà ní Ọ̀yọ́ lọ́sẹ̀ yìí, kó wà ní Kánò lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, ohun tí iṣẹ́ rẹ̀ ń béèrè nìyẹn. Bí ọlọ́pàá bá béèrè pé "Níbo ni ilé rẹ?", ìdáhùn òtítọ́ rẹ̀ lè dà bíi pé ó ń múra àtisá.

Ohun tí wọ́n máa ń béèrè lọ́wọ́ onídùúró ni pé kó jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba tí ipò rẹ̀ ga tàbí ẹni tó ní ilé nílùú, kó sì mú ìwé ilẹ̀ wá. Ní àárín ìlú Ọ̀yọ́, níbi tí ilé jẹ́ ti ẹbí, mélòó ló ní ìwé ilẹ̀ tó jẹ́ tirẹ̀ nìkan? Ní Sábó, níbi tí ọ̀pọ̀ ti ń gbé ilé háyà, ìbéèrè yẹn ti sé ilẹ̀kùn mọ́ èèyàn kí ẹjọ́ tó bẹ̀rẹ̀. Seriki, olórí àwọn Hausa ní Sábó, tàbí bàbá ẹgbẹ́ àwọn alálùbọ́sà, tó mọ baba ọkùnrin náà, tó mọ ìyàwó rẹ̀, tó sì mọ ibi tó máa ń sùn tó bá dé Sókótó, lè mú un padà wá ju ẹni tó kàn ní ìwé ilẹ̀ lọ. Onídùúró tó lè rí afurasí mú wúlò fún ọlọ́pàá ju onídùúró tó lówó lọ.

Ẹ̀rí èyí wà nínú ẹjọ́ tí gbogbo orílẹ̀-èdè yìí wò. Nígbà tí wọ́n ń bá Abdulrasheed Maina, alága ìgbìmọ̀ àtúnṣe owó ìfẹ̀yìntì nígbà kan rí, ṣẹjọ́ lórí owó ìlú ní Àbújá, sẹ́nétọ̀ ni kóòtù ní kó dúró fún un, béèlì rẹ̀ sì jẹ́ 500 mílíọ̀nù náírà. Sẹ́nétọ̀ Ali Ndume ló dúró. Maina sá. Ní ọjọ́ 23 oṣù kọkànlá ọdún 2020, Adájọ́ Okon Abang ní kí wọ́n gbé onídùúró lọ sí ọgbà ẹ̀wọ̀n Kuje, Ndume sì lo ọjọ́ mélòó kan níbẹ̀ kó tó gba béèlì tirẹ̀. Orílẹ̀-èdè Niger ni wọ́n ti rí Maina mú. Ọdún kan lẹ́yìn náà, wọ́n sọ ọ́ sẹ́wọ̀n ọdún 8. Gbogbo ipò àti gbogbo owó yẹn kò dá ẹsẹ̀ rẹ̀ dúró.

Ọ̀rọ̀ àwọn obìnrin tó fẹ́ ṣe onídùúró náà wà níbẹ̀. Ìyálọ́jà tó ní ṣọ́ọ̀bù mẹ́ta lè dé àgọ́ ọlọ́pàá kí wọ́n ní kó lọ pe ọkùnrin wá, pé obìnrin kì í gba béèlì. Òfin ọdún 2015 kọ ọ́ ketekete pé wọn kò gbọdọ̀ kọ ẹnikẹ́ni ní onídùúró torí pé ó jẹ́ obìnrin. Mo fẹ́ kí gbogbo ìyálọ́jà ọjà Àkẹ̀sán àti ti Sábó mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Ẹ̀rí wà nínú fóònù

Ẹjọ́ jìbìtì yàtọ̀ sí ẹjọ́ ìjà. Ibi tí ẹ̀rí rẹ̀ wà kì í ṣe inú orí ẹlẹ́rìí nìkan, ó wà nínú fóònù, nínú àkáǹtì, nínú àtẹ̀jíṣẹ́, nínú ìwé tí báńkì ń tẹ̀ jáde. Láti ọdún 2014 tí BVN, nọ́ńbà ìdánimọ̀ oníbàárà báńkì, ti bẹ̀rẹ̀, wọ́n lè mọ ẹni tó ni àkáǹtì kan. Ọlọ́pàá lè gba fóònù pamọ́ lọ́nà òfin, wọ́n lè kọ̀wé sí báńkì, wọ́n sì lè gba àṣẹ kóòtù láti di àkáǹtì. Mo ní àṣẹ kóòtù, nítorí Kóòtù Kòtẹ́milọ́rùn ti sọ nínú ẹjọ́ tó kan Guaranty Trust Bank pé báńkì kò gbọdọ̀ di àkáǹtì oníbàárà nítorí lẹ́tà EFCC nìkan. Bí fóònù àti àkáǹtì bá ti wà lọ́wọ́ wọn, kí ni ara ẹni náà tún ń ṣe nínú sẹ́ẹ̀lì?

Nígbà mìíràn, ìdáhùn wà. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó kó owó pamọ́ lè wà níta tó ń dúró de ìpè rẹ̀. Ó lè lọ bá ẹlẹ́rìí. Nílẹ̀ Amẹ́ríkà, wọ́n fún Sam Bankman-Fried, olówó kírípítò, ní béèlì 250 mílíọ̀nù dọ́là ní oṣù kejìlá ọdún 2022. Inú ilé àwọn òbí rẹ̀ ló wà títí di oṣù kẹjọ ọdún 2023, nígbà tí adájọ́ fagi lé béèlì náà torí ó gbà pé ó ti ń gbìyànjú láti da ọ̀rọ̀ àwọn ẹlẹ́rìí rú. Ohun tó ṣe ni adájọ́ wò tó fi tì í mọ́lé. Bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn.

Ọ̀nà tí wọ́n gbà ń mú àwọn ọ̀dọ́ ní Ògbómọ̀ṣọ́ àti láwọn ìlú akẹ́kọ̀ọ́ mìíràn kò jọ bẹ́ẹ̀. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, ọmọ tó bá di irun, tó gbé báàgì kọ̀ǹpútà kọ́rùn, ti di afurasí lójú àwọn ọlọ́pàá SARS. Ògbómọ̀ṣọ́ mọ ohun tí ìyẹn ná wa: ní ọjọ́ 10 oṣù kẹwàá ọdún 2020, ìbọn pa ọ̀dọ́ kan nígbà ìwọ́de EndSARS nílùú náà. Ọjọ́ kejì ni ìjọba tú SARS ká.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kọkànlá ọdún 2023, EFCC ya wọ ilé àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ lóru, wọ́n sì kó 69. Lẹ́yìn tí ariwo sọ, wọ́n fi 58 sílẹ̀. Alága àjọ náà, Ọlá Olúkóyèdé, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gorí oyè nígbà náà, pàṣẹ pé kí àwọn òṣìṣẹ́ òun má jáde lọ kó èèyàn lóru mọ́. Àṣẹ tó dára ni. Ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ pé wọ́n lè fi 58 nínú 69 sílẹ̀ kíákíá bẹ́ẹ̀, ìwádìí ló yẹ kó ṣáájú ìkóni.

Ẹni tí EFCC bá mú ní Ògbómọ̀ṣọ́, ọ́fíìsì wọn ní Ìbàdàn ni wọ́n ń gbé e lọ, nǹkan bíi kìlómítà 100 sí ilé. Ìyá tó fẹ́ gba béèlì ọmọ rẹ̀ gbọ́dọ̀ wá onídùúró tí yóò bá a rin ìrìn yẹn, bóyá lẹ́ẹ̀mejì tàbí lẹ́ẹ̀mẹta, kí wọ́n tó yẹ ìwé rẹ̀ wò. "Wọ́n fọwọ́ sí béèlì mi lọ́jọ́ kẹta," akẹ́kọ̀ọ́ kan sọ. "Ọjọ́ kọkànlá ni mo jáde. Onídùúró la ò rí." Béèlì tí ẹnikẹ́ni kò lè mú ìlànà rẹ̀ ṣẹ kò yàtọ̀ sí béèlì tí wọ́n kọ̀.

Ohun tí Abólóńgò fi hàn

Bí àgọ́ ọlọ́pàá bá kọ̀, tí kóòtù náà sì ní kí wọ́n fi í sí àhámọ́, ọgbà ẹ̀wọ̀n ló kàn. Nílùú Ọ̀yọ́, Abólóńgò nìyẹn. Ọdún 2007 ni wọ́n ṣí i, fún èèyàn 160. Ní alẹ́ ọjọ́ 22 oṣù kẹwàá ọdún 2021, àwọn agbébọn fi àdó olóró fọ́ ògiri rẹ̀. Nígbà tí iléeṣẹ́ ọgbà ẹ̀wọ̀n ka iye èèyàn tó wà níbẹ̀ lálẹ́ ọjọ́ yẹn síta, ó tó 907. Àwọn tí kóòtù ti dá lẹ́bi nínú wọn jẹ́ 64. Àwọn tó ń dúró de ìdájọ́ jẹ́ 843.

Ohun tí àwọn èèyàn sọ jù lẹ́yìn náà ni bí wọ́n ṣe sá jáde. Iye yẹn ló yẹ kó dá wa dúró. Ilé tí wọ́n kọ́ fún 160 ni wọ́n kó 843 tí kò tíì jẹ̀bi sí. Àwọn tí wọ́n ti dá lẹ́bi kò sá. Àwọn tí kò mọ ọjọ́ tí ẹjọ́ wọn yóò parí ni wọ́n lé jáde tàbí tí wọ́n sá jáde. Káàkiri Nàìjíríà, nǹkan bí ìdá méjì nínú mẹ́ta àwọn tó wà lẹ́wọ̀n ló ń dúró de ìdájọ́. Jìbìtì kọ́ ni ẹ̀sùn gbogbo wọn, ṣùgbọ́n ìpinnu tí ẹnì kan ṣe lọ́jọ́ kìíní tàbí ọjọ́ kejì ló bẹ̀rẹ̀ ìrìn àjò ọ̀pọ̀ wọn lọ síbẹ̀.

Ọjọ́ mélòó ni ìwádìí nílò?

Àwọn tó ń ṣèwádìí ní ẹ̀tọ́ láti sọ pé ọjọ́ kan kò tó. Báńkì lè lo ọ̀sẹ̀ kan kó tó dáhùn lẹ́tà. Òfin ìjọba àpapọ̀ ti ronú sí èyí: bí wọ́n bá fẹ́ ju wákàtí 24 lọ, kí wọ́n lọ bá májísíréètì, kí wọ́n ṣàlàyé. Ó lè fún wọn ní ọjọ́ 14, ó sì lè fi ọjọ́ 14 mìíràn kún un bí wọ́n bá fi hàn pé wọ́n ń ṣiṣẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn, wọn yóò wá sọ ìdí tí wọn kò fi ní tú ẹni náà sílẹ̀. Ọgbọ́n tó wà níbẹ̀ ni pé ẹlòmíràn, tí kì í ṣe olùfisùn, tí kì í sì ṣe olùwádìí, ló ń ṣírò ọjọ́.

Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì náà ti bá ọ̀rọ̀ yìí jìjàkadì. Lọ́dún 2017, wọ́n dín ọjọ́ béèlì tí ọlọ́pàá ń fún èèyàn kí wọ́n tó gbé e lọ sí kóòtù kù sí 28. Ohun tó tẹ̀lé e ni pé ọlọ́pàá bẹ̀rẹ̀ sí í tú ọ̀pọ̀ afurasí sílẹ̀ láìsí ìlànà kankan lórí wọn, ìwádìí wọn sì ń fà lọ láìlópin. Lọ́dún 2022 wọ́n ṣe òfin mìíràn, wọ́n sì sọ ọ́ di oṣù mẹ́ta. Ìyẹn fi hàn pé kò tó láti ní kí wọ́n tú èèyàn sílẹ̀. Ó gbọ́dọ̀ ní ọjọ́ tí yóò padà wá, ibi tí kò gbọdọ̀ lọ àti ẹni tí kò gbọdọ̀ bá sọ̀rọ̀.

Gbogbo èyí ṣeé ṣe ní Sábó láìdúró de owó ìjọba. Ọ̀gá àgọ́ ọlọ́pàá lè ní kí alálùbọ́sà máa wá fọwọ́ sí ìwé ní gbogbo ọjọ́ Ajé àti ọjọ́ Ẹtì. Ó lè gba fóònù rẹ̀, kó sì fún un ní ìwé pé òun gbà á. Ó lè ní kí bàbá ẹgbẹ́ alálùbọ́sà àti ẹnì kan nínú ẹbí dúró fún un. Olùfisùn náà nílò ojú tí yóò rí: kí wọ́n sọ ọjọ́ tí wọ́n kọ̀wé sí báńkì fún un, kí wọ́n sì sọ ohun tí báńkì dáhùn. Bí ó bá jẹ́ gbèsè lásán, kóòtù májísíréètì tó ń gbọ́ ẹjọ́ gbèsè kéékèèké láìfa ọ̀rọ̀ gùn ni obìnrin ẹlẹ́wà yẹn nílò, ìjọba ìpínlẹ̀ ló sì yẹ kó mú un dé ẹnu ọ̀nà rẹ̀.

Mo bi agbẹjọ́rò tó wà ní Ọ̀yọ́ pé, bí wọ́n bá ní kó yí ohun kan ṣoṣo padà, kí ni yóò yí? Kò ronú pẹ́. "Kí wọ́n máa kọ ìdí sílẹ̀. Ẹni tí wọ́n bá kọ béèlì fún, kí wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé àgọ́ ọlọ́pàá pé ohun báyìí la fi kọ̀ ọ́, kí ọ̀gá sì fọwọ́ sí i. Kò sí ọlọ́pàá tí yóò kọ ọ́ sílẹ̀ pé nítorí kò tíì san gbèsè ni."

Òfin ọdún 2015 ti ní kí májísíréètì máa yẹ àwọn àgọ́ ọlọ́pàá tó wà lágbègbè rẹ̀ wò, ó kéré tán lẹ́ẹ̀kan lóṣù, kó yẹ ìwé àwọn tí wọ́n mú wò, kó sì pàṣẹ béèlì níbi tó bá yẹ. Bí ó bá dé ti Sábó, ìwé yẹn ni kó kọ́kọ́ béèrè.